Erékùṣù Tí Kò Ní Onílẹ̀: Ọ̀rọ̀ Àsọyé Lórí Ẹ̀sìn ní Erékùṣù Kérésìmesì

Ẹ̀yin àgbà tó wà ní ìjókòó, ẹ̀yin olùkọ́ àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, mo kí yín kú ìjókòó. Nígbà tí àwọn tó pè mí ní kí n wá sọ̀rọ̀ lórí bí àwọn ẹlẹ́sìn oríṣiríṣi ṣe ń gbé pọ̀, mo mọ̀ pé ohun tí ọ̀pọ̀ nínú yín yóò máa retí ni ọ̀rọ̀ nípa agboolé Yorùbá, níbi tí bàbá ti ń kírun, tí ìyá ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, tí ẹ̀gbọ́n bàbá sì ń bọ Ògún lẹ́yìnkùlé. Inú irú agboolé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n bí èmi náà sí, kò sì sí ohun tí mo lè fi kún ohun tí ẹ mọ̀ nípa rẹ̀. Ibi tí mo fẹ́ mú yín lọ lónìí jìnnà sí wa púpọ̀: erékùṣù kékeré kan nínú Òkun Íńdíà, tí ìwọ̀n ilẹ̀ rẹ̀ jẹ́ kìlómítà onígun mẹ́rin 135, tí ìkànìyàn ọdún 2021 sì bá ènìyàn 1,692 péré níbẹ̀. Ilé-ẹ̀kọ́ girama kan ṣoṣo ní Ìbàdàn lè ní ọmọ tó pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Christmas Island ni orúkọ rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Erékùṣù Kérésìmesì ni èmi yóò máa pè é. Abẹ́ àsíá Ọsirélíà ló wà, ṣùgbọ́n Jáfà ní Indonéṣíà ni aládùúgbò rẹ̀: nǹkan bíi kìlómítà 350 ló wà láàárín àwọn méjèèjì, nígbà tí ẹni tó bá fẹ́ ti ibẹ̀ lọ sí Perth ní Ọsirélíà yóò rin nǹkan bíi kìlómítà 2,600 lójú òfuurufú.

Orúkọ yẹn lè ṣi ènìyàn lọ́nà. Ní ọjọ́ Kérésìmesì ọdún 1643 ni William Mynors, ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi kan tó jẹ́ ti ilé-iṣẹ́ oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ń pè ní East India Company, gba ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ kọjá. Ó fi orúkọ ọjọ́ náà sọ ilẹ̀ tó rí, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Ẹni tó bá gbọ́ orúkọ náà lè rò pé ìlú onígbàgbọ́ pọ́ńbélé ni. Ṣùgbọ́n nínú ìkànìyàn ọdún 2016, bí a bá mú ènìyàn 100 níbẹ̀, bíi 19 ló pe ara rẹ̀ ní Mùsùlùmí, bíi 18 sì pe ara rẹ̀ ní ẹlẹ́sìn Búdà, tí àwọn ọmọ Ìjọ Àgùdà kò sì tó 10. Bíi 15 ní àwọn kò ní ẹ̀sìn kankan, àwọn tó lé ní ìdá kan nínú mẹ́rin kò sì dáhùn ìbéèrè náà rárá, èyí tí mo kà sí ẹ̀tọ́ wọn. Lórí ilẹ̀ tí kò fẹ̀ yìí, mọ́ṣáláṣí kan wà, ṣọ́ọ̀ṣì kan wà, ilé ìpàdé àwọn Bahá'í, ẹ̀sìn kan tó ti Ìráànì wá, wà, tẹ́ńpìlì àti ojúbọ àwọn ará Ṣáínà sì tó nǹkan bí 20: méje jẹ́ ti Búdà, mẹ́wàá jẹ́ ti Táò, ẹ̀sìn àtayébáyé àwọn ará Ṣáínà, àwọn yòókù jẹ́ ojúbọ kéékèèké fún ẹnì kan tí mo ń bọ̀ wá sọ̀rọ̀ rẹ̀ dáadáa, nítorí pé òun gan-an ló mú kí ìtàn erékùṣù náà wọ̀ mí lára.

Ohun tó ya ibẹ̀ sọ́tọ̀ láàárín ọ̀pọ̀ ibi tí ẹ̀sìn ti pọ̀ ni pé kò ní onílẹ̀. Kí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tó sọ ọ́ di tirẹ̀ ní ọjọ́ 6 oṣù kẹfà ọdún 1888, kò sí ènìyàn tó fi ibẹ̀ ṣe ilé. Akàn, ẹyẹ òkun àti igbó dídí ló ni ín. Lẹ́yìn náà, gbogbo ẹni tó fi ibẹ̀ ṣe ìlú, tàbí bàbá rẹ̀, tàbí bàbá bàbá rẹ̀, ìrìn àjò ló gbé e dé, ohun tó ń sìn sì bá a rin ìrìn àjò náà. Nílẹ̀ wa, bí aáwọ̀ ẹ̀sìn bá ṣẹlẹ̀, yálà lórí ìṣéde Orò ni tàbí lórí ìbòrí ọmọ ilé-ẹ̀kọ́, ọ̀rọ̀ kì í pẹ́ kó tó di ‘ta ló kọ́kọ́ débẹ̀?’ Ẹlẹ́sìn ìbílẹ̀ á ní àwọn baba òun ló tẹ ìlú dó. Mùsùlùmí á ní ẹ̀sìn òun ti wà níbẹ̀ kí Òyìnbó tó gbé Bíbélì dé. Onígbàgbọ́ á ní ilé-ẹ̀kọ́ tí gbogbo wọn ti kàwé, ìjọ òun ló kọ́ ọ. Ní Erékùṣù Kérésìmesì, kò sẹ́ni tó lè fa irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ yọ, nítorí pé àlejò ni gbogbo wọn. Ìbéèrè tí mo wá gbé síwájú yín nìyí: bí kò bá sí ẹni tó lè sọ pé òun ni onílé, kí ni àwọn ènìyàn fi ń pín àyè fún ẹ̀sìn kọ̀ọ̀kan? Èsì tí èmi rí kì í ṣe ìfẹ́, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ìwàásù. Owó oṣù ni, àti kàlẹ́ńdà.

Òkúta ló pè wọ́n débẹ̀. Onímọ̀ sáyẹ́ǹsì kan, John Murray, tó ti bá ọkọ̀ ìwádìí Challenger rìn káàkiri òkun ayé, ló rí i pé fọ́síféètì ni òkúta tí wọ́n kó wá láti erékùṣù náà, ohun tí wọ́n fi ń ṣe ajílẹ̀. Wọ́n dá ilé-iṣẹ́ sílẹ̀ ní 1897, nígbà tí ọ̀rúndún tuntun sì fi máa bẹ̀rẹ̀, wọ́n ti ń kó òṣìṣẹ́ wọlé láti gúúsù Ṣáínà, láti Síngápọ̀ àti láti ilẹ̀ Màléè. Ìyà jẹ wọ́n. Ìrẹsì funfun tí wọ́n ti bó èèpo ara rẹ̀ kúrò ni oúnjẹ wọn láàárọ̀ lálẹ́, àìrí oúnjẹ gidi mìíràn sì kó àrùn beriberi bá wọn, àrùn tó ń mú ẹsẹ̀ wú, tó sì ń mú kí ọkàn ṣíwọ́ iṣẹ́. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ènìyàn ló bá a lọ láàárín ọdún mélòó kan. Ẹni tó ń sin òkú lemọ́lemọ́ nílẹ̀ àjèjì kò ní pẹ́ kó tó kọ́ ojúbọ. Wọ́n kọ́ ti Ma Chor, ìyá tó ń ṣọ́ àwọn tó wà lójú òkun. Wọ́n kọ́ ti Guan Yin, ìyá aláàánú tó ń gbọ́ igbe ẹ̀dá. Lójú tèmi, ìdí tí tẹ́ńpìlì fi pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ fún ènìyàn tí kò pọ̀ ni pé ibùdó iṣẹ́ ló pọ̀, ibi tí wọ́n bá sì ti gbẹ́ ilẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń wá ẹni tí wọn yóò ké pè. Àwọn Màléè, tí wọ́n jẹ́ Mùsùlùmí, dó sí etí òkun, wọ́n sì kọ́ mọ́ṣáláṣí sí àárín ilé wọn. Ẹlẹ́sìn Sikh láti Íńdíà wà lára àwọn ọlọ́pàá tí Gẹ̀ẹ́sì kó wá. Onígbàgbọ́ ni àwọn ọ̀gá.

Ẹ jẹ́ ká wá padà sí àwọn ojúbọ kéékèèké tí mo mẹ́nu bà. Na Tuk Kong ni àwọn ará Ṣáínà ń pe ẹni tí wọ́n ń bọ níbẹ̀. Datuk Keramat ni orúkọ rẹ̀ lẹ́nu àwọn Màléè. ‘Datuk’ lédè wọn ni bàbá àgbà. ‘Keramat’ sì jẹ́ ọ̀rọ̀ tí àwọn tó lọ sí ilé-kéwú láàárín yín yóò dá mọ̀ lójú ẹsẹ̀: kàráámà ni, ohun ìyanu tí Ọlọ́run ń ti ọwọ́ ẹni mímọ́ ṣe. Ẹ̀mí tó ni ilẹ̀ ni bàbá àgbà yìí. Àwọn ará Ṣáínà tó ti kọ́kọ́ tẹ̀dó sí ilẹ̀ Màléè gbà pé ilẹ̀ tí àwọn dé ní ẹni tó ni ín, pé ẹni náà kì í ṣe ará Ṣáínà, àti pé kò bójú mu kí ènìyàn kọ́lé tàbí kó gbẹ́ ilẹ̀ láìkọ́kọ́ kí i. Níwọ̀n bó sì ti jẹ́ Màléè, Mùsùlùmí ni. Ẹ wá wo ohun tí ìyẹn bí. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é káàkiri ilẹ̀ Màléè, bí wọ́n bá gbẹ́ ère rẹ̀, fìlà dúdú tí àwọn Mùsùlùmí ibẹ̀ ń dé ni wọn yóò dé e lórí, wọn yóò sì ró ìró fún un. Ewé tí àwọn Màléè ń fi di ohun jíjẹ sẹ́nu bí àwa ṣe ń jẹ obì, tábà, òdòdó àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ni wọ́n ń gbé síwájú rẹ̀. Tùràrí tí àwọn Màléè ń sun ni wọ́n ń sun fún un, kì í ṣe ti Ṣáínà nìkan. Wọ́n lè gbé adìẹ wá. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ kọ́, láéláé. Ará Ṣáínà tó jẹ́ pé odindi ẹlẹ́dẹ̀ sísun ló gbé síwájú òrìṣà rẹ̀ ní tẹ́ńpìlì kejì kò jẹ́ gbé ègé rẹ̀ kan dé ọ̀dọ̀ bàbá àgbà yìí, nítorí pé Mùsùlùmí ni bàbá, kì í jẹ ẹ́.

Mo ti ń rí àwọn ààfáà tó wà níwájú tí wọ́n ń mi orí. Ẹ kò jẹ̀bi. Ọ̀pọ̀ Mùsùlùmí Màléè náà ni kò fara mọ́ ojúbọ irú èyí, tí wọ́n ń pè é ní ṣíríkì. Kì í ṣe ẹ̀kọ́ ìgbàgbọ́ ni mo ń kọ́ yín. Ohun tó jọ mí lójú ni pé ní ilẹ̀ tí kò ní onílẹ̀, àwọn ènìyàn yìí gbé onílẹ̀ wá láti ibòmíràn. Ilẹ̀ tí kò sí ẹni tí wọn yóò tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀ kò bá wọn lára mu. Àwọn baba wa tí wọ́n ń júbà ilẹ̀ kí wọ́n tó la ẹnu sọ̀rọ̀ yóò mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Ọkọ̀ tó gbé ṣọ́bìrì àti àpò ìrẹsì ni bàbá àgbà onílẹ̀ yìí náà bá dé, ẹlẹ́sìn mìíràn ni wọ́n sì fi í ṣe, kì í ṣe ara wọn. Ẹ rò ó wò: àjèjì tó gbà nínú ọkàn rẹ̀ pé ẹ̀sìn ẹlòmíràn ló ni ilẹ̀ tí òun ń gbẹ́.

Bí mo bá dúró síbí, ìtàn náà á dùn, a ó pàtẹ́wọ́, a ó sì túká. Ṣùgbọ́n n óò ti purọ́ fún yín. Fún nǹkan bí 70 ọdún, àlàáfíà tó wà láàárín àwọn ẹlẹ́sìn erékùṣù náà jẹ́ àlàáfíà àwọn ẹran tí wọ́n so mọ́ èèkàn ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Ilé-iṣẹ́ ló ni ilé, òun ló sì ń pín in. Àwọn Òyìnbó ń gbé ní Settlement. Àwọn Màléè ń gbé ní Kampong, orúkọ tó túmọ̀ sí abúlé lédè wọn, ní etí omi tí wọ́n ń pè ní Flying Fish Cove, nítòsí ẹ̀rọ tó ń da fọ́síféètì sínú ọkọ̀, tí eruku rẹ̀ sì ń fẹ́ lọ bá wọn nínú ilé. Àwọn ará Ṣáínà ń gbé lókè, ní Poon Saan, èyí tó túmọ̀ sí agbedeméjì òkè ní èdè Cantonese. Bí o bá ti mọ ibi tí ènìyàn ń gbé, o ti mọ ẹ̀sìn rẹ̀, o sì ti mọ bí owó rẹ̀ ṣe tó. Fún ìgbà pípẹ́, ọmọ Òyìnbó àti ọmọ òṣìṣẹ́ kì í jọ jókòó ní kíláàsì kan náà. Nínú irú ètò bẹ́ẹ̀, kò sí ẹni tó ń bá ẹnì kan jà lórí ẹ̀sìn, nítorí pé ọ̀nà wọn kò pàdé tó láti jà. Mo mọ̀ pé àwọn kan máa ń fi irú ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn yangàn, pàápàá jù lọ àwọn tí ètò náà bá sàn fún.

Ogun Àgbáyé Kejì bá wọn lẹ́nu rẹ̀. Ní oṣù kẹta ọdún 1942, àwọn ọmọ ogun Íńdíà tó wà lábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì dìtẹ̀, wọ́n pa àwọn ọ̀gá wọn, nígbà tí oṣù náà sì fi máa parí, àwọn Jàpáánì ti gba erékùṣù náà. Ẹ̀yìn ogun, ní ọjọ́ 1 oṣù kẹwàá ọdún 1958, ó bọ́ sí ọwọ́ Ọsirélíà, tí Ọsirélíà sì san mílíọ̀nù 2.9 pọ́n-ùn fún ìjọba Síngápọ̀ gẹ́gẹ́ bí owó gbà-má-bínú nítorí fọ́síféètì tó ń lọ. Àsíá yí padà, ṣùgbọ́n èèkàn tí wọ́n so oníkálukú mọ́ ṣì wà níbi tó wà.

Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ló já okùn náà. Ní 1975 ni wọ́n dá a sílẹ̀, nígbà tó sì di ìparí àwọn ọdún 1970, ará Gẹ̀ẹ́sì kan, Gordon Bennett, ló ń ṣe akọ̀wé rẹ̀. Ohun tí wọ́n ń béèrè kò ṣòro láti lóye: àwa tí ẹ ń wa òkúta wa lọ sí oko Ọsirélíà, ẹ san owó Ọsirélíà fún wa. Ẹlẹ́sìn Búdà, ẹlẹ́sìn Táò àti Mùsùlùmí jọ tò sórí ìlà kan náà, wọ́n dáṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n sì gbé ẹ̀hónú wọn dé Canberra, olú-ìlú. Àwọn ará Ṣáínà fún Bennett ní orúkọ kan, Tai Ko Seng. ‘Tai Ko’ ni ẹ̀gbọ́n ọkùnrin àgbà. Ẹ̀yin náà mọ ohun tó wà nínú kí ènìyàn pe ẹni tí kò bá a tan ní ẹ̀gbọ́n, àti ohun tí ẹni náà ní láti ti ṣe kí wọ́n tó pè é bẹ́ẹ̀. Owó oṣù gòkè. Ní 1981, ọ̀nà ṣí fún àwọn olùgbé láti di ọmọ Ọsirélíà. Nígbà tí ìjọba sì ti ibi ìwakùsà náà pa ní 1987, àwọn òṣìṣẹ́ kó owó ara wọn jọ, wọ́n sì wà lára àwọn tó ṣí i padà ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990. N kò rí ìgbìmọ̀ ìfìmọ̀ṣọ̀kan ẹlẹ́sìn kankan tó lè ṣe ohun tí ìwé owó oṣù ṣe níbẹ̀: nígbà tí ẹ̀sìn kò sọ iye tí ènìyàn ń gbà mọ́, ó wá ku ẹ̀sìn nìkan, ẹlòmíràn sì lè wá wò ó láìfi ojú ọ̀tá wò ó.

Ìgbà yẹn ni kàlẹ́ńdà wá rí iṣẹ́ ṣe. Ọdún Tuntun àwọn ará Ṣáínà, Hari Raya Puasa tí àwa ń pè ní Ọdún Ìtúnu Ààwẹ̀, Hari Raya Haji tó jẹ́ Iléyá, Ọjọ́ Ẹtì Rere àti Kérésìmesì, gbogbo wọn ni ọjọ́ ìsinmi fún gbogbo ará erékùṣù náà lábẹ́ òfin. Ní Sydney tàbí ní Melbourne, Mùsùlùmí tó bá fẹ́ ṣe Iléyá yóò tọrọ àyè lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ̀. Ní Erékùṣù Kérésìmesì, ọ̀gá náà ò ní lọ síbi iṣẹ́. Ìyàtọ̀ yẹn ju bó ṣe rí lójú lọ. Ẹni tó ń tọrọ àyè mọ̀ pé inú ilé onílé ni òun wà.

Ohun kan wà tó máa ń pa mí lẹ́rìn-ín nínú kàlẹ́ńdà yìí. Gbogbo wọn ló ń wo òṣùpá. Mùsùlùmí ń wá òṣùpá tuntun kó tó jáde nínú ààwẹ̀. Ará Ṣáínà ń ṣọ́ òṣùpá tuntun kejì lẹ́yìn ìgbà tí òru gùn jù lọ ní Ṣáínà, èyí tó sábà máa ń gbé Ọdún Tuntun wọn wọlé, ó sì ń parí ayẹyẹ náà ní òru karùn-ún-dín-lógún tí wọ́n ń pè ní Chap Goh Meh, nígbà tí òṣùpá bá kún. Onígbàgbọ́ pàápàá, òṣùpá àrànmọ́jú ló ń sọ ọjọ́ tí Ọjọ́ Àjíǹde yóò bọ́ sí. Àwọn akàn náà ń wò ó. Erékùṣù náà ní akàn pupa tí iye rẹ̀ tó mílíọ̀nù lọ́nà ẹ̀wẹ́wàá, igbó ni wọ́n ń gbé, ṣùgbọ́n bí òjò ìparí ọdún bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀, gbogbo wọn á dìde lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n á máa wọ́ lọ sí òkun láti lọ yé ẹyin. Wọ́n á kún ojú títì fọ́fọ́ débi pé ìjọba á ti ọ̀nà fún wọn. Wọ́n tilẹ̀ ti ṣe afárá fún wọn kí wọ́n lè fò kọjá lórí mọ́tò. Àwọn abo kì í tú ẹyin wọn sómi lọ́jọ́ kan ṣáá. Ó di ìgbà tí òṣùpá tó ti kún bá fá dé ìdajì, ní ìdájí, nígbà tí ìgbì tó kún sí etíkun bá ń padà sẹ́yìn. Nítorí náà, nínú gbogbo ọdún ńlá wọ̀nyí, Kérésìmesì tí erékùṣù ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ nìkan ni kò bá òṣùpá da ohunkóhun pọ̀.

Òṣùpá kan ni, ṣùgbọ́n ìṣirò wọn kò dọ́gba. Ọdún Mùsùlùmí fi nǹkan bí ọjọ́ 11 kúrú sí ọdún oòrùn, nítorí náà ó ń sún síwájú lọ́dọọdún. Àwọn ará Ṣáínà, ní tiwọn, máa ń fi oṣù kẹtàlá kún ọdún lẹ́yìn ọdún méjì sí mẹ́ta kí ọdún wọn má bàa kúrò ní àkókò rẹ̀. Ọ̀kan ń rìn, èkejì dúró dè é, lẹ́yìn nǹkan bí 33 ọdún wọ́n á tún pàdé. Ní 1996, 1997 àti 1998, Ọdún Tuntun Ṣáínà àti Ìtúnu Ààwẹ̀ bọ́ sí ọ̀sẹ̀ kan náà, ní 2029 sí 2031 wọn yóò sì tún ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ ronú nípa ohun tí ìyẹn jẹ́ ní ìlú tí gbogbo ènìyàn mọ ara wọn. Àṣà Màléè ni pé ní ọjọ́ Hari Raya, ilẹ̀kùn kì í tì, ẹni tó bá wọlé á jẹun. Àwọn ará Ṣáínà náà ń gba àlejò ní Ọdún Tuntun. Bí ọdún méjèèjì bá wá pàdé, ìyàwó ilé ará Ṣáínà tó mọ̀ pé àwọn ará Kampong ń bọ̀ ní láti ti ronú ṣáájú nípa ìkòkò: èyí tí ẹlẹ́dẹ̀ kò wọ̀ rí, ẹran tí Mùsùlùmí pa, ṣíbí tí a kò fi ro ọbẹ̀ kejì. Iṣẹ́ ni. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu, kò sì ṣeé ṣe fún ẹni tí kò mọ ohun tí ẹ̀sìn aládùúgbò rẹ̀ kọ̀.

Àwọn kan yóò sọ fún mi pé ibi kékeré ni ìyẹn, pé kò le láti bá ènìyàn 1,692 gbé. Ẹni tó bá ti gbé abúlé rí mọ̀ pé bí ibi kan bá kéré, ìjà ibẹ̀ kì í tán. Èyí tó le jù nínú àríwísí ni èyí tí èmi fúnra mi ní. Mo ti sọ pé erékùṣù náà kò ní onílẹ̀. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2001, onílẹ̀ fara hàn. Ọkọ̀ akẹ́rù Tampa, ti ilẹ̀ Norway, gbé àwọn ènìyàn tó lé ní 430 tó yọ nínú ewu lójú òkun, tí ọ̀pọ̀ wọn jẹ́ ará Afghanistan, ó sì fẹ́ gbé wọn gúnlẹ̀ ní Erékùṣù Kérésìmesì. Ìjọba ní Canberra kọ̀ jálẹ̀. Lẹ́yìn náà, wọ́n kọ́ ilé àtìmọ́lé ńlá sínú igbó erékùṣù náà fún àwọn tó ń wá ibi ìsádi. Ìlú tó jẹ́ pé àwọn tó fi ọkọ̀ dé ló kọ́ ọ wá di ibi tí wọ́n ń ti ẹni tó fi ọkọ̀ dé mọ́lé.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ 15 oṣù kejìlá ọdún 2010, ọkọ̀ onígi kan tó gbé àwọn ará Ìráàkì àti Ìráànì forí sọ àpáta etíkun nínú ìgbì líle. Àwọn ará erékùṣù sáré dé etí òkè, wọ́n ń ju ẹ̀wù ìléfòó àti okùn sísàlẹ̀ fún wọn, afẹ́fẹ́ sì ń gbá òmíràn padà bá wọn. Nǹkan bí 50 ènìyàn ló kú. Àwọn tó yè wọ inú ọgbà onírin. Ọ̀pọ̀ wọn jẹ́ Mùsùlùmí, wọ́n sì dé ìlú tó ní mọ́ṣáláṣí, tó ń fi Iléyá ṣe ọjọ́ ìsinmi, síbẹ̀ ọ̀nà tó wà láàárín ọgbà náà àti Kampong kì í ṣe ọ̀nà tí wọ́n lè dá rìn. Bí ẹnikẹ́ni bá tún sọ fún yín pé ìtàn erékùṣù yìí jẹ́ ìtàn ìfaradà ẹ̀sìn, ẹ béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ pé ti àwọn wo.

Ohun tó kù tí mo fẹ́ sọ nípa ibẹ̀ kò pọ̀. Nígbà tí iṣẹ́ fọ́síféètì ń gbóná, nǹkan bí 3,000 ènìyàn ló ń gbé erékùṣù náà. Ẹ ti gbọ́ iye tó kù. Àwọn ọmọ ń lọ sí Perth láti lọ kàwé, ọ̀pọ̀ kì í padà. Tẹ́ńpìlì kò dín kù bẹ́ẹ̀, nítorí pé kò sẹ́ni tó fẹ́ jẹ́ ẹni tí yóò ti ilẹ̀kùn òrìṣà ìyá rẹ̀ pa. Ní ìhà gúúsù, níbi tí wọ́n ń pè ní South Point, ìlú àwọn awakùsà wà nígbà kan rí, reluwé sì ń gbé fọ́síféètì láti ibẹ̀ wá. Wọ́n ti wó àwọn ilé náà, àwọn olùgbé ti kó lọ, igbó ti ń gba ààyè rẹ̀ padà. Tẹ́ńpìlì wọn, Soon Tien Kong, ṣì dúró. Bí ọjọ́ ọdún bá pé, àwọn ará Poon Saan á wa mọ́tò lọ síbẹ̀, wọ́n á gbálẹ̀, wọ́n á to èso sórí pẹpẹ, wọ́n á tan tùràrí, wọ́n á sì sun ìwé tí wọ́n ṣe bí owó fún àwọn òkú tí wọ́n ti gbé àdúgbò tí kò sí mọ́ yẹn rí. Bí ó bá jẹ́ àsìkò akàn ni, ẹnì kan á sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú ọ̀pá, á máa rìn níwájú mọ́tò, á máa rọra ti àwọn akàn sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, níkọ̀ọ̀kan, títí wọn yóò fi dé ẹnu ọ̀nà tẹ́ńpìlì.